Robert Goddard, Baba Rọ́kẹ́ẹ̀tì

Ẹni tí ó bá gba pápá ilé-ẹ̀kọ́ kan kọjá ní Ìlọrin ní ọwọ́ ìrọ̀lẹ́, tí ó sì rí olùkọ́ kan pẹ̀lú àwọn ọmọ tí wọ́n pagbo yí ike omi kan ká, lè rò pé eré lásán ni wọ́n ń ṣe. Wọ́n ti bu omi díẹ̀ sínú ike náà, wọ́n ti fi èdídí rọ́bà dí i lẹ́nu, wọ́n ti dojú rẹ̀ dé orí igi ìdúró, wọ́n sì ń fi pọ́ǹpù kẹ̀kẹ́ fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú rẹ̀. Lójijì, èdídí yọ, omi tú jáde pẹ̀lú ariwo, ike náà sì ta sókè kọjá orí òrùlé. Àwọn ọmọ hó yèè. Bẹ́ẹ̀ ni agbára kan náà tí ó gbé ike yìí sókè ni ó gbé ènìyàn dé inú òṣùpá ní ọdún 1969. Ọ̀kan nínú àwọn tí ó fi gbogbo ọjọ́ ayé wọn wá ọ̀nà tí a fi lè lo agbára yìí ni Robert Hutchings Goddard, ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Ìtàn rẹ̀ jẹ́ ìtàn ẹni tí a fi ṣe yẹ̀yẹ́, tí kò sì torí yẹ̀yẹ́ fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀.

Rọ́kẹ́ẹ̀tì fúnra rẹ̀ kì í ṣe ohun titun. Àwọn ará Ṣáínà ti ń fi ẹ̀tù ṣe é fún ogun àti fún ayẹyẹ láti ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún kí a tó bí Goddard. Ilẹ̀ Yorùbá pàápàá ti fojú winá irú rẹ̀. Ní oṣù Dìsẹ́ńbà ọdún 1851, nígbà tí àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì wá lé Ọba Kòsọ́kọ́ kúrò lórí ìtẹ́ ní Èkó, rọ́kẹ́ẹ̀tì wà lára ohun ìjà tí wọ́n fi bá ìlú náà jà. Ṣùgbọ́n àwọn rọ́kẹ́ẹ̀tì ẹlẹ́tù wọ̀nyẹn kì í lọ jìnnà, ibi tí wọn yóò sì bọ́ sí kì í dájú. Nítorí náà, títí di òpin ọgọ́rùn-ún ọdún náà, ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ohun ìṣeré ni, tàbí ohun tí a fi ń dáná sun ilé ọ̀tá. Ìwọ̀nba àwọn díẹ̀ ni ó ronú pé ó lè gbé nǹkan kúrò nínú ayé yìí.

Ọjọ́ 5 oṣù Ọ̀kọ̀tóbà ọdún 1882 ni a bí Robert Goddard ní ìlú Worcester, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts. Nahum ni orúkọ bàbá rẹ̀, Fannie sì ni orúkọ ìyá rẹ̀. Àbúrò rẹ̀ kan ṣoṣo kú ní ìkókó, nítorí náà òun nìkan ni ó kù lójú àwọn òbí rẹ̀. Ara rẹ̀ kò le rárá. Bí inú kò bá run ún lónìí, ikọ́ àti òtútù a mú un lọ́la. Nítorí àìsàn yìí, kì í lè lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ déédéé, ó sì di ẹni tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi ọdún méjì ṣáájú nínú ẹ̀kọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó dùbúlẹ̀ lè máa ka ìwé. Bàbá rẹ̀, ẹni tí ó fẹ́ràn ẹ̀rọ púpọ̀, ra awò tí a fi ń wo ọ̀nà jíjìn fún un, ó ra èyí tí ń sọ ohun kékeré di ńlá, ó sì ń san owó kí ìwé àtìgbàdégbà kan tí ó dá lórí ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ lè máa dé ọwọ́ rẹ̀. Bí àwọn ọmọ yòókù ti ń sáré lóde, bẹ́ẹ̀ ni èyí ń wo ìràwọ̀.

Láti kékeré ni ó ti ń fẹ́ fò. Nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún márùn-ún, bàbá rẹ̀ fi hàn án bí iná mànàmáná ṣe ń ta pàrà bí ènìyàn bá wọ́ ẹsẹ̀ nílẹ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì. Ọmọ náà rò ó títí, ó sì mú síǹkì inú bátìrì kan dání, ó ń wọ́ ẹsẹ̀ lórí òkúta wẹ́wẹ́, ó sì ń fò sókè, pẹ̀lú èrò pé agbára iná náà yóò mú kí òun fò ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ìyá rẹ̀ rí i, ó sì kìlọ̀ fún un pé bí ó bá lọ ṣe é tí ó bọ́ sí i, yóò fò lọ, kò sì ní mọ ọ̀nà àtipadà. Ọ̀rọ̀ yìí ba ọmọ náà lẹ́rù tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi gbé síǹkì rẹ̀ pamọ́. Ìyá rẹ̀ kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ àtilọ àti àtibọ̀ tí òun fi ṣẹ̀rù ba ọmọ ni yóò di iṣẹ́ tí àwọn ọ̀mọ̀wé yóò máa ṣe ní ọ̀pọ̀ ọdún sí i.

Ní ọdún 1898, ìyá rẹ̀ ní ikọ́ ẹ̀gbẹ. Àwọn òbí rẹ̀, tí wọ́n ti kó lọ sí ìlú Boston nígbà tí ó wà ní ọmọ ọwọ́, tún padà sí Worcester. Ní àkókò yìí ni Robert dáwọ́ lé bàlúùnù kan tí ó fẹ́ fi páànù alumíníọ́mù fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ṣe. Ó fi ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀ tẹ páànù náà, ó lẹ̀ ẹ́ pọ̀, ó sì rọ haidirójìn sínú rẹ̀. Bàlúùnù náà kò kúrò nílẹ̀. Ó wúwo jù. Ó kọ ìjákulẹ̀ yìí sínú ìwé ìrántí rẹ̀ láìfi ohunkóhun pamọ́, ó sì ń bá ìwádìí rẹ̀ lọ. Ìwà kíkọ ohun gbogbo sílẹ̀ yìí, ìbáà ṣe èyí tí ó yọrí sí rere tàbí èyí tí ó bàjẹ́, kò fi í sílẹ̀ títí ó fi kú.

Ọjọ́ kan wà tí Goddard kò gbàgbé láyé rẹ̀. Ọjọ́ náà ni ọjọ́ 19 oṣù Ọ̀kọ̀tóbà ọdún 1899, nígbà tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún. Ó ti ka ìwé ìtàn kan tí H. G. Wells kọ nípa àwọn ẹ̀dá tí wọ́n ti inú ìràwọ̀ Mars wá bá àwọn ènìyàn jagun, ìtàn náà sì ti gbà á lọ́kàn. Ní ọ̀sán ọjọ́ náà, wọ́n ní kí ó gun igi ṣẹ́rì kan tí ó wà lẹ́yìn ilé, kí ó gé àwọn ẹ̀ka rẹ̀ tí ó ti kú. Bí ó ti wà lórí igi, tí ó ń wo pápá tí ó lọ súà níwájú rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ro bí yóò ti dára tó bí a bá lè ṣe ẹ̀rọ kan tí yóò gbéra láti ibẹ̀ lọ sí Mars. Ó rò ó títí ọkàn rẹ̀ fi kún. Nígbà tí ó sọ̀ kalẹ̀, ó mọ̀ pé òun kì í ṣe ọmọ tí ó gun igi náà mọ́. Ó ti rí ohun tí yóò fi ayé rẹ̀ ṣe. Láti ọdún náà lọ, ọjọ́ 19 oṣù Ọ̀kọ̀tóbà di ọjọ́ àjọ̀dún tí òun nìkan ń ṣe. Ó tilẹ̀ máa ń padà lọ wo igi náà, nígbà tí ìjì sì wó o ní ọdún 1938, ó kọ ọ́ sílẹ̀ bí ẹni ń ṣọ̀fọ̀ ọ̀rẹ́.

Nítorí àìsàn, ọmọ ọdún mọ́kànlélógún ni kí ó tó jáde ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga ní ọdún 1904, ṣùgbọ́n òun ni ó ta àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yọ, òun ni a sì yàn láti bá àwọn òbí àti olùkọ́ sọ̀rọ̀ ní ọjọ́ ìdágbére. Ó wọ ilé-ẹ̀kọ́ ìmọ̀-ẹ̀rọ ti Worcester. Níbẹ̀, ní ọdún 1907, èéfín dúdú ṣàdédé bo ìsàlẹ̀ ilé tí wọ́n ti ń kọ́ ẹ̀kọ́ físíìsì. Goddard ni ó ń dán rọ́kẹ́ẹ̀tì ẹlẹ́tù wò. Dípò kí àwọn aláṣẹ lé e, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọkàn sí ohun tí ó ń ṣe. Ó gba oyè àkọ́kọ́ ní ọdún 1908, ó kọjá sí Yunifásítì Clark ní ìlú kan náà, ó sì di ọ̀mọ̀wé nínú ìmọ̀ físíìsì ní ọdún 1911.

Ó yẹ kí a mọ ohun tí ó ń wá. Ọ̀mọ̀wé Gẹ̀ẹ́sì kan, Isaac Newton, ti kọ ọ́ sínú ìwé ní ọdún 1687 pé kò sí ohun tí a lè tì síwájú tí kò ní ti ẹni tí ó tì í sẹ́yìn. Ọdẹ mọ̀ bẹ́ẹ̀: bí ọta ti ń jáde lẹ́nu ìbọn, bẹ́ẹ̀ ni ìdí ìbọn ń gbá a ní èjìká. Apẹja tí ó wà lórí Odò Ọya ní Jẹ́bà mọ̀ bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú: bí ó bá ti inú ọkọ̀ rẹ̀ fò sí èbúté, ọkọ̀ náà a sún sẹ́yìn. Bí rọ́kẹ́ẹ̀tì ti rí nìyẹn. Iná inú rẹ̀ ń da ooru àti èéfín sílẹ̀ láti ìdí, èéfín náà ń lọ sísàlẹ̀, rọ́kẹ́ẹ̀tì sì ń lọ sókè. Goddard rí i pé bí ọ̀rọ̀ bá rí báyìí, rọ́kẹ́ẹ̀tì kò nílò afẹ́fẹ́ tí yóò tì bí ẹyẹ ti ń fi apá ti afẹ́fẹ́. Ó lè ṣiṣẹ́ ní òfìfo òkè ọ̀run níbi tí afẹ́fẹ́ kò sí. Lórí ọ̀rọ̀ kan yìí ni yóò ti rí ẹ̀gàn, lórí rẹ̀ náà ni yóò sì ti gba ìdáláre.

Kí iṣẹ́ náà tó gbérí, ikú fẹ́rẹ̀ẹ́ gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ní ọdún 1913, nígbà tí ó ń ṣe ìwádìí ní Yunifásítì Princeton, ikọ́ ẹ̀gbẹ tí ó mú ìyá rẹ̀ mú òun náà. Àwọn dókítà sọ pé kò lè lò ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ. Ó padà sí ilé láti wá kú. Bí ó ti wà lórí ibùsùn, àwọn ìwé ìṣirò rẹ̀ ni ó ń bẹ̀rù fún, pé bí òun bá kú, ta ni yóò mọ ohun tí ó wà nínú wọn? Ó ń rìn díẹ̀díẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ tútù, ó ń ṣiṣẹ́ wákàtí kan lóòjọ́, ọ̀sẹ̀ méjì kọjá, oṣù kọjá, kò sì kú. Ní oṣù Júláì ọdún 1914, ìjọba Amẹ́ríkà fún un ní ìwé àṣẹ méjì tí ó fi hàn pé òun ni ó ni ìmọ̀ méjì kan. Àkọ́kọ́ ni rọ́kẹ́ẹ̀tì alábala, tí èyí tí epo rẹ̀ bá tán yóò já sílẹ̀ kí èyí tí ó kù lè fúyẹ́. Èkejì ni rọ́kẹ́ẹ̀tì tí yóò máa jó epo olómi dípò ẹ̀tù. Lórí ìmọ̀ méjèèjì yìí ni àwọn rọ́kẹ́ẹ̀tì ńlá tí ó lọ sí òṣùpá dúró.

Ó padà sí Yunifásítì Clark láti máa kọ́ni. Ní ọdún 1915, ó fa gbogbo afẹ́fẹ́ inú ọpọ́n irin kan jáde, ó yin ẹ̀tù nínú rẹ̀, ó sì wọn agbára tí ó ti ohun tí ó so sínú rẹ̀. Ó rí i gbangba pé agbára náà kò dín kù nítorí pé afẹ́fẹ́ kò sí. Owó oṣù rẹ̀ kò ká iṣẹ́ yìí, nítorí náà ó kọ̀wé sí ẹgbẹ́ ìmọ̀ tí a ń pè ní Smithsonian ní Washington, àwọn náà sì fún un ní 5,000 dọ́là ní ọdún 1917. Ní òpin ọdún 1919, wọ́n tẹ ìwé pẹlẹbẹ kan tí ó kọ jáde. Ìwé oníṣirò ni, kò sì sí ẹni tí ì bá kà á tayọ àwọn ọ̀mọ̀wé, bí kì í bá ṣe pé ní ìparí rẹ̀, ó sọ pé rọ́kẹ́ẹ̀tì lè dé òṣùpá, kí ó sì tan ẹ̀tù kan níbẹ̀ tí a ó rí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ láti inú ayé.

Ọ̀rọ̀ òṣùpá yìí ni àwọn oníwèé ìròyìn gbé pọ̀nkẹ́. Ní ọjọ́ 13 oṣù Jánúárì ọdún 1920, olóòtú ìwé ìròyìn New York Times kọ ọ́ pé ọ̀jọ̀gbọ́n yìí kò tilẹ̀ mọ ohun tí wọ́n ń kọ́ ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ gíga, nítorí pé gbogbo ayé ni ó mọ̀ pé kò sí ohun tí rọ́kẹ́ẹ̀tì yóò tì ní òfìfo. Olóòtú náà ni kò mọ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó ń ka ìwé ìròyìn, ìwọ̀nba díẹ̀ ni ó ń ka ìwé ìṣirò, bẹ́ẹ̀ ni Goddard ṣe di ẹni tí gbogbo ìlú ń fi ṣẹ̀fẹ̀. Ó dùn ún dọ́kàn. Ó dá wọn lóhùn lẹ́ẹ̀kan pé gbogbo àlá ni ó máa ń dà bí ẹ̀fẹ̀ títí ẹni àkọ́kọ́ yóò fi mú un ṣẹ. Lẹ́yìn náà, ó pa ẹnu mọ́, ó sì fi ọwọ́ mú iṣẹ́.

Ní ọdún 1924, ó gbé Esther Kisk níyàwó. Obìnrin yìí ni ó ń tẹ ìwé rẹ̀, òun ni ó ń ya àwòrán iṣẹ́ rẹ̀, òun náà sì ni ó máa ń sáré pa iná tí rọ́kẹ́ẹ̀tì bá dá sí koríko. Ní ọjọ́ 16 oṣù Máàṣì ọdún 1926, àwọn méjèèjì pẹ̀lú ọkùnrin méjì tí ń bá a ṣiṣẹ́ lọ sí oko ìbátan rẹ̀ kan ní Auburn, nítòsí Worcester. Òjò dídì ṣì wà nílẹ̀. Wọ́n gbé rọ́kẹ́ẹ̀tì kan tí ó tín-ín-rín ró, tí epo bẹntiróòlù àti ọ́síjìn olómi wà nínú rẹ̀. Wọ́n tanná sí i. Rọ́kẹ́ẹ̀tì náà ń hó, kò kúrò lójú kan; ẹ̀rọ ayàwòrán Esther ti tán kí ó tó gbéra. Lẹ́yìn náà ni ó ta sókè, ó tẹ̀ síbìkan, ó sì lọ wó lulẹ̀ sínú oko kábéèjì. Ìṣẹ́jú-àáyá méjì ààbọ̀ péré ni ó lò lókè. Ẹsẹ̀ bàtà 41 ni ó ga dé, èyí tí kò ju gíga ọ̀pẹ lọ, ibi tí ó bọ́ sí sì jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 184 sí ibi tí ó ti gbéra. Ike olómi ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ lè lọ sókè ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n ẹyin ni ó ń di àkùkọ: ìyẹn ni rọ́kẹ́ẹ̀tì elépo olómi àkọ́kọ́ tí ó fò láyé.

Ìpọ́njú kò tíì tán. Ní oṣù Júláì ọdún 1929, ó yin rọ́kẹ́ẹ̀tì kan tí ó gbé awò ìwọ̀n ooru àti ẹ̀rọ ayàwòrán. Ariwo rẹ̀ pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn aládùúgbò fi rò pé ọkọ̀ òfuurufú ni ó jábọ́. Àwọn ọlọ́pàá dé, àwọn oníwèé ìròyìn dé, ìjọba ìpínlẹ̀ sì fòfin dè é pé kò gbọdọ̀ dán irú rẹ̀ wò mọ́ ní gbangba ibẹ̀. Síbẹ̀, ariwo yìí ni ó mú ire wá. Charles Lindbergh, ẹni tí ó dá fò kọjá òkun Àtìláńtíìkì ní ọdún 1927, ka ìròyìn náà, ó sì wá kí i. Ó bá a wá olówó kan, Daniel Guggenheim, ẹni tí ó fi 100,000 dọ́là lé iṣẹ́ náà lórí. Ní ọdún 1930, Goddard kó ẹrù rẹ̀ lọ sí Roswell ní ìpínlẹ̀ New Mexico, ní aṣálẹ̀ tí kò sí aládùúgbò tí ariwo yóò dí lọ́wọ́.

Ní aṣálẹ̀ yìí, nǹkan bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ sí i. Ní oṣù Dìsẹ́ńbà ọdún 1930, rọ́kẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kan gòkè dé 2,000 ẹsẹ̀ bàtà, ìyára rẹ̀ sì tó 500 máìlì láàárín wákàtí kan. Ohun tí ó bá ń sá bẹ́ẹ̀ láti Ìlọrin yóò dé Èkó kí ìdajì wákàtí tó pé. Ní ọdún 1937, òmíràn lọ kọjá 8,000 ẹsẹ̀ bàtà. Ìṣòro tí ó dojú kọ ni pé rọ́kẹ́ẹ̀tì kì í dúró ṣánṣán bí ó bá ń lọ sókè. Ohun tí ó fi yanjú rẹ̀ kò jìnnà sí ohun tí ọmọ Yorùbá mọ̀. Bí ọmọdé bá ta òkòtó, òkòtó náà a dúró lórí ẹnu rẹ̀ tóóró níwọ̀n ìgbà tí ó bá ń pòyì, bí ó bá sì dúró, a ṣubú. Goddard fi ohun tí ń pòyì bí òkòtó sínú rọ́kẹ́ẹ̀tì, ó sì so ó mọ́ àwọn abẹ́ kéékèèké tí ń darí èéfín ìdí rẹ̀. Bí rọ́kẹ́ẹ̀tì bá fẹ́ tẹ̀, òkòtó náà a pè é padà sí ọ̀nà. Ọ̀pọ̀ rọ́kẹ́ẹ̀tì bú gbàù, ọ̀pọ̀ jábọ́, ọ̀pọ̀ kò tilẹ̀ kúrò nílẹ̀. Àwọn obìnrin tí ń mọ ìkòkò ní àdúgbò Dada ní Ìlọrin mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo ìkòkò tí a bá sun ni ó ń ti inú iná jáde láìlà. Wọn a ko àpáàdì kúrò, wọn a sì tún po amọ̀ mìíràn. Bẹ́ẹ̀ ni Goddard ṣe.

Nígbà tí Ogun Àgbáyé Kejì dé, ó ń bá ilé iṣẹ́ ológun orí omi Amẹ́ríkà ṣiṣẹ́. Ní ọdún 1944, àwọn ará Jámánì bẹ̀rẹ̀ sí í fi rọ́kẹ́ẹ̀tì ńlá kan, tí a ń pè ní V-2, pa ènìyàn ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù. Nígbà tí Goddard rí èyí tí wọ́n gbà lọ́wọ́ ogun, ó rí i pé ó jọ ti òun ní ọ̀nà púpọ̀. Ohun tí àwọn ará ilé rẹ̀ kò kà sí, àwọn ará òkèèrè ti sọ ọ́ di ohun ìjà. Ní ọdún 1945, àwọn dókítà rí àrùn jẹjẹrẹ ní ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀. Ó kú ní ìlú Baltimore ní ọjọ́ 10 oṣù Ọ́gọ́ọ̀sì ọdún náà, ní ẹni ọdún méjìlélọ́gọ́ta. Kò rí rọ́kẹ́ẹ̀tì kankan tí ó jáde kúrò nínú afẹ́fẹ́ ayé lọ sí òṣùpá.

Lẹ́yìn ikú rẹ̀, Esther kò jókòó tẹtẹrẹ. Ìwé àṣẹ 83 ni ọkọ rẹ̀ ti gbà nígbà ayé rẹ̀. Obìnrin náà tú àwọn ìwé ìṣirò rẹ̀ wò, ó sì gba 131 sí i, gbogbo rẹ̀ wá di 214. Ní ọdún 1959, ìjọba Amẹ́ríkà fi orúkọ Goddard pe ibùdó ìwádìí òfuurufú kan. Ní ọdún 1960, ìjọba san 1,000,000 dọ́là fún ìmọ̀ rẹ̀ tí wọ́n ti ń lò. Ní oṣù Júláì ọdún 1969, nígbà tí àwọn ọkùnrin mẹ́ta wà lójú ọ̀nà òṣùpá, New York Times kọ ọ́ sínú ìwé pé àṣìṣe ni àwọn ṣe ní ọdún 1920, àwọn sì kábàámọ̀ rẹ̀. Ọdún mọ́kàndínláàádọ́ta ni wọ́n fi ṣe é. Ọ̀kan nínú àwọn tí ó tẹ òṣùpá, Buzz Aldrin, mú ìwé kékeré kan tí ó sọ ìtàn Goddard lọ́wọ́ nínú ìrìn-àjò náà. Bàbá Aldrin ti jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ Goddard ní Yunifásítì Clark. Bó pẹ́ bó yá, akólòlò yóò pe baba.

Kì í ṣe gbogbo ìwà Goddard ni ó yẹ ní àwòkọ́ṣe. Yẹ̀yẹ́ tí wọ́n fi í ṣe mú kí ó di ẹni tí ń fi ìmọ̀ pamọ́. Kì í fẹ́ kí ọ̀mọ̀wé mìíràn wo iṣẹ́ rẹ̀, kì í sì fẹ́ kí wọ́n bá a dá a pọ̀. Konstantin Tsiolkovsky ní Rọ́ṣíà àti Hermann Oberth láàárín àwọn ará Jámánì ń ro irú ohun tí ó ń rò, àwọn pẹ̀lú ni a sì ń pè ní baba rọ́kẹ́ẹ̀tì. Ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dé orí. Bí ó bá jẹ́ pé Goddard ti jẹ́ kí àwọn ẹlòmíràn bá òun gbé e, ó ṣeé ṣe kí ẹrù náà ti yá dé orí ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Iṣẹ́ rẹ̀ kan ilẹ̀ Nàìjíríà náà. Ní ọdún 1962, nígbà tí John Glenn yí ayé ká, ibùdó kan ní Kánò wà lára àwọn tí ń fetí sí ọkọ̀ rẹ̀ bí ó ti ń kọjá lórí ilẹ̀ Áfíríkà. Ní ọjọ́ 27 oṣù Sẹ̀tẹ́ńbà ọdún 2003, rọ́kẹ́ẹ̀tì elépo olómi kan gbéra ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà, ó sì gbé NigeriaSat-1, sátẹ́láìtì Nàìjíríà àkọ́kọ́, lọ sí òkè.

Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ tí ó bá fẹ́ tọ ipasẹ̀ Goddard ní Ìlọrin kò nílò ẹ̀tù tàbí epo. Kò gbọdọ̀ sún mọ́ wọn, nítorí àwọn ọmọ tí ó ń ha ẹ̀tù orí ìṣáná jọ láti fi ṣe ohun tí ń bú gbàù ti pàdánù ìka àti ojú nípa bẹ́ẹ̀. Ike omi tó, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ jẹ́ ìgò tí ń fọ́. A ó lẹ páálí mẹ́ta mọ́ ara rẹ̀ bí ìyẹ́ ẹja, kí ó lè lọ ṣánṣán. A ó bu omi sí ìdámẹ́ta rẹ̀, a ó fi èdídí rọ́bà tí ẹnu táyà kẹ̀kẹ́ gba àárín rẹ̀ kọjá dí i pinpin, a ó sì fi rọ́bà gígùn so ó mọ́ pọ́ǹpù, kí ẹni tí ń fẹ́ ẹ lè jìnnà sí i. Àgbàlagbà gbọdọ̀ wà níbẹ̀, pápá gbọdọ̀ gbalẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ nọ orí wò ó bí ó bá ti ní afẹ́fẹ́ nínú. Igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè ni a ti ń wò ó.

Bí a bá fi omi kún inú rẹ̀, kò ní sí àyè fún afẹ́fẹ́, ike náà kò sì ní lọ jìnnà. Bí omi kò bá sí rárá, ohun tí yóò tú jáde kò ní wúwo tó láti tì í sókè dáadáa. Èwo ni ìwọ̀n tí ó dára jù? Ọmọ tí ó bá fi ìwọ̀n mẹ́ta dán an wò, tí ó sì kọ gíga tí ìkọ̀ọ̀kan dé sílẹ̀, àti èyí tí ó jábọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ti ń ṣe ohun tí Goddard ṣe. Òṣùpá jìnnà sí ayé ní ìwọ̀n tí ó lé ní ẹgbẹ̀rún ìgbà ọ̀nà Ìlọrin sí Èkó. Ẹni tí ó kọ́kọ́ gbìyànjú ọ̀nà náà fi ẹsẹ̀ bàtà 41 bẹ̀rẹ̀, oko kábéèjì ni ó sì bọ́ sí.